Amara àbí Àìná? Ẹ̀yin ará Èkìtì, ọjọ́ kẹjọ ti kù sí dẹ̀dẹ̀

BabaIkoko_Ikere (Ọjọ́rú, 9:14 alẹ́)

Ẹ̀yin ará mi, ẹ kú alẹ́ o. Ìyàwó mi bímọ obìnrin láàárọ̀ Sọ́ńdè tó kọjá yìí, ní Ìkéré níbí, a dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, ìyá ń jẹun, ọmọ ń mu ọyàn. Ìkómọ bọ́ sí Sọ́ńdè tó ń bọ̀, ọ̀rọ̀ orúkọ sì ti dá nǹkan sílẹ̀ nínú ilé mi débi pé ẹsẹ̀ mi ń wúwo tí mo bá ń bọ̀ látibi iṣẹ́.

Ọmọ Ìgbò ni ìyàwó mi, Ńsúkà ló ti wá. Ìyá rẹ̀ ti wá bá wa láti ijọ́ kejì, omugwo ni wọ́n ń pè é lọ́dọ̀ tiwọn, kí ìyá ìyàwó wá máa wẹ ọmọ kó sì máa tọ́jú ìyá ọmọ. Mọmí ní Amara ni ọmọ máa jẹ́. Mo gbà, ó dùn létí. Àfi bí àǹtí mi kan tó wà nílùú òyìnbó ṣe pè lórí WhatsApp tí wọ́n ní háà, Amara kẹ̀, ìkorò nìyẹn o, ṣé ẹ ò ka Bíbélì ni, Náómì ló ní kí wọ́n máa pe òun ní Mara nígbà tí ayé sú u. Wọ́n tún ya ojú ewé kan lórí íntánẹ́ẹ̀tì ránṣẹ́, wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ gbangba pé ìkorò ni. Èmi náà wá a fúnra mi, mo rí ojú ewé mìíràn tó ní oore-ọ̀fẹ́ ni. Èwo ni ká gbà nínú méjèèjì?

Ìyẹn nìkan kọ́. Ọmọ gbé ìwọ́ kọ́rùn wá. Nọ́ọ̀sì ló sọ fún wa, ó ní ẹ̀ẹ̀kan ló yí i lọ́rùn, òun sì fi ìka méjì yọ ọ́. Èmi ni mo fẹnu ara mi sọ ọ́ fún ìyá mi, látìgbà náà wọn ò pe ọmọ yìí ní nǹkan mìíràn ju Àìná lọ. Pásítọ̀ wa gbọ́, wọ́n ní orúkọ òrìṣà ni, pé àwọn ò ní pè é sórí ọmọ. Lálẹ́ àná, ìyá mi gbé e fún bíi wákàtí kan, Àìná, Àìná. Ìyá ìyàwó mi gbà á láti pààrọ̀ ìlédìí ẹ̀, Amara, Amara. Èmi àti ìyàwó mi jókòó, a ò lè wo ojú ara wa. Ẹ jọ̀ọ́, ẹni tó bá ti rí irú ẹ̀ rí, kí ló ṣe?

IyaIbeji_Ado (Ọjọ́rú, 9:31 alẹ́)

Ẹ kú oríire o, Bàbá Ìkókó, Ọlọ́run á wò ó, á dá a sí. Tèmi ò pọ̀. Àìná ò ṣeé yẹ̀. Ẹ̀yin kọ́ lẹ sọ ọ́, òun ló gbé e bọ̀ látọ̀run. Ẹ lè kó ogún orúkọ lé e lórí o, ṣùgbọ́n Àìná ni. Àwọn ìyá wa ní ohun tó fà á tó fi ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ ni pé a kì í nà án.

Adeola_Enugu (Ọjọ́rú, 9:58 alẹ́)

Ọmọ Adó ni mí ṣùgbọ́n ó ti tó ọdún mọ́kàndínlógún tí mo ti ń ta aṣọ ní Enugu, ìdajì àwọn oníbàárà mi ló ń jẹ́ Amara. Ẹ sọ fún àǹtí kí wọ́n fọkàn balẹ̀. Oore-ọ̀fẹ́ ni amara ní èdè Ìgbò. Gígùn ẹ̀ ni Amarachi, oore-ọ̀fẹ́ Ọlọ́run, àwọn mìíràn ń jẹ́ Amarachukwu. Wọ́n kàn máa ń gé e kúrú bí àwa náà ṣe ń gé Oluwafúnmiláyọ̀ sí Fúnmi ni. Mara inú Bíbélì, Hébérù nìyẹn, wọn ò bára tan rárá, ìró ló jọra. Ohun tó tilẹ̀ ń da àwọn èèyàn rú ni pé ní Ìgbò kan náà, tí wọ́n bá ní ọmọ kan mara mma, arẹwà ni wọ́n ń sọ pé ó jẹ́, ìyẹn náà sì tún yàtọ̀ sí Amara.

Bàbá Ìkókó, ìmọ̀ràn tèmi ni kí ẹ kọ Amarachi sílẹ̀ lódindi. Chi tó wà nídìí ẹ̀ ló máa pa gbogbo ẹni tó ń pariwo ìkorò lẹ́nu mọ́.

Dikini_Ijero (Ọjọ́bọ̀, 5:40 àárọ̀)

Ẹ kú oríire. Mo ń bọ̀ látibi àdúrà òwúrọ̀, mo ka gbogbo rẹ̀. Mo fẹ́ ká ṣọ́ra. Orúkọ ọmọ ní í ro ọmọ, àwọn bàbá wa tí ò mọ̀wé sọ ọ́, Bíbélì náà sọ ọ́. Jábésì, nínú ìrora ni ìyá rẹ̀ bí i ló fi sọ ọ́ bẹ́ẹ̀, títí ó fi fúnra rẹ̀ ké pe Ọlọ́run kí ìrora náà tó kúrò lórí rẹ̀. Omi Mara nínú Ẹ́kísódù, wọn ò lè mu ún torí ó korò. Tí orúkọ bá ti ní ìró ìkorò nínú, kí ló dé tá a fi máa fi dán ọmọ wò nígbà tí Oore-ọ̀fẹ́ tààrà wà lédè tiwa?

Ẹ̀gbọ́n Adéọlá, ẹ forí jì mí, ẹ ní chi ni Ọlọ́run. Bí mo ṣe gbọ́ ọ, chi ni nǹkan tí oníkálukú yàn wáyé, ẹnìkọ̀ọ̀kan ló ní tirẹ̀. Ìyẹn ha jọ Ọlọ́run bí?

Tisa_Ikole (Ọjọ́bọ̀, 7:22 àárọ̀)

Díkínì mi, ẹ kú àdúrà. Àwọn nǹkan tẹ́ ẹ sọ kì í ṣe irọ́, ẹ kàn kó wọn pọ̀ mọ́ ara ni, ẹ jẹ́ n tú u díẹ̀díẹ̀, ó máa gùn, ẹ fara dà á fún mi, iṣẹ́ tí mo fi ọgbọ̀n ọdún ṣe nìyẹn.

Chi tẹ́ ẹ sọ, òótọ́ ni, ó súnmọ́ ohun tí àwa ń pè ní Orí àti Ẹlẹ́dàá. Ṣùgbọ́n Chukwu tí àwọn Ìgbò fi ń pe Ọlọ́run, Chi ukwu ni, Chi ńlá. Nígbà tí wọ́n gba ìgbàgbọ́ wọ́n ń fi Chi inú orúkọ pe Ọlọ́run Olódùmarè. Kò yàtọ̀ sí bí àwa náà ṣe ń sọ pé Ẹlẹ́dàá mi gbè mí, tí ẹnikẹ́ni ò sì bi wá nínú ṣọ́ọ̀ṣì pé èwo nìyẹn.

Ọ̀rọ̀ ìkorò ńkọ́? Mara ní Hébérù, ìkorò ni, Náómì ló fi pe ara rẹ̀ nítorí pé Náómì fúnra rẹ̀ túmọ̀ sí dídùn, ó sì rí i pé ayé òun ò dùn mọ́, ọkọ kú, ọmọkùnrin méjèèjì kú. Kódà amara ní èdè Látìn, ìkorò náà ni, ibẹ̀ ni ojú ewé tí àǹtí fi ránṣẹ́ ti gbé e. Nítorí náà ojú ewé méjèèjì tí Bàbá Ìkókó rí, kò sí èyí tó purọ́ nínú wọn, èdè ni wọn ò kọ síbẹ̀. Ohun tó yẹ ká bi orúkọ ni pé ẹnu ta lo ti jáde? Ìyá Ńsúkà tó gbé ọmọ lọ́wọ́, ṣé Látìn ló ń bá a sọ?

Ẹ tún wo Rákélì. Ó ń kú lọ lórí ìkúnlẹ̀, ó sọ ọmọ ní Bẹ́nónì, ọmọ ìbànújẹ́ mi. Jákọ́bù ní rárá, Bẹ́ńjámínì ni. Ìyá àti bàbá ò fẹnu kò níbẹ̀ náà, ọmọ sì di baba ẹ̀yà kan ní Ísírẹ́lì.

Ó wá ku èyí tó dùn mí jù, pé Àìná jẹ́ orúkọ òrìṣà. Ta ló sọ bẹ́ẹ̀? Kò sí Ògún níbẹ̀, kò sí Ọ̀ṣun, kò sí Ifá. Bí ọmọ ṣe wáyé ló ń sọ. Àìná tó gbé ìwọ́ kọ́rùn, Ìgè tó fẹsẹ̀ jáde, Dàda onírun kíkó, Ọ̀kẹ́ tó wà nínú àpò, Àjàyí tó dojú bolẹ̀, ọ̀kan náà ni gbogbo wọn. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni orúkọ Crowther? Samuel ni wọ́n fún un nígbà tí wọ́n ṣèrìbọmi fún un ní Sàró ní 1825, Crowther sì jẹ́ orúkọ àlùfáà kan ní Lọ́ńdọ̀nù. Àjàyí ni ti ìyá tó bí i l'Óṣoògùn. Wọ́n fi jẹ bíṣọ́ọ̀bù ní 1864, Àjàyí ò kúrò lára rẹ̀. Òun ló ṣíwájú nínú títúmọ̀ Bíbélì tí pásítọ̀ yín ń kà lédè Yorùbá. Ìkọ̀lé tèmi níbí la ti bí ọ̀jọ̀gbọ́n Jacob Adé Àjàyí ní 1929, onítàn ńlá tó kọ ìwé lórí bí ìgbàgbọ́ ṣe wọ ilẹ̀ wa. Ẹ mú èyí lọ bá pásítọ̀ pẹ̀lú sùúrù o, ẹ má fi bá wọn jà.

Olatunbi_Oslo (Ọjọ́bọ̀, 8:05 àárọ̀)

Tíṣà ti sọ tán. Norway ni mo wà, Ọlá ni gbogbo èèyàn ń pè mí láti kékeré ní Ìdó-Èkìtì, obìnrin ni mí. Níbí ọkùnrin ló ń jẹ́ Ola, kódà tí wọ́n bá fẹ́ dárúkọ ọmọ Norway kan ṣá, bí àwa ṣe máa ń sọ Lágbájá, Ola Nordmann ni wọ́n ń sọ. Ọ̀rẹ́ mi tó jẹ́ ọmọ Poland ní lọ́dọ̀ àwọn, Aleksandra ni wọ́n ń gé sí Ola. Àbúrò mi Bọ́lá wà ní Portugal, bọ́ọ̀lù ni bola lẹ́nu wọn. Ṣé kí bàbá wa wá pààrọ̀ gbogbo wa nítorí ìyẹn? Ọlá ni mí.

AraKumasi (Ọjọ́bọ̀, 12:48 ọ̀sán)

Ẹ ṣeun o ẹ̀yin ará. Ìmẹ̀sí ni ilé bàbá mi, wọ́n bí mi sí Ghana, mo fẹ́ ọmọ Aṣanti, irú ìjà yìí la bẹ̀rẹ̀ ìgbéyàwó wa pẹ̀lú. Lọ́dọ̀ àwọn ìyàwó mi, ọjọ́ tí wọ́n bí ọ ló ń sọ ọ́ lórúkọ, kò sí ẹni tó ń yàn án. Ọkùnrin ọjọ́ Ẹtì ni Kofi, ti Sátidé ni Kwame, ti Ọjọ́bọ̀ ni Yaw. Torí náà tẹ́ ẹ bá gbọ́ Kwame Nkrumah, ẹ ti mọ ọjọ́ tí wọ́n bí i. Kofi Annan, Kumasi níbí ni wọ́n ti bí i ní 1938, òun àti ìkejì rẹ̀ obìnrin, ìdí nìyẹn tí Atta fi wà nínú orúkọ rẹ̀, Atta ni wọ́n ń pe ìbejì.

Ọmọ yín tó dé lọ́jọ́ Sọ́ńdè, Akosua ni ìbá jẹ́ níbí, wọn ò tilẹ̀ ní bi yín.

Ohun tó mú mi gbà fún wọn ni ọjọ́ ìkómọ gan-an. Ọjọ́ kẹjọ ni tiwọn náà. Àgbàlagbà kan gbé ọmọ wa sórí ẹsẹ̀ láfẹ̀mọ́júmọ́, ó fi ìka tọ́ omi sí i létè, ó tọ́ ọtí sí i, ó ní tó o bá ní omi ni, kó jẹ́ omi ni, tó o bá ní ọtí ni, kó jẹ́ ọtí ni. Kí ọmọ má purọ́ láyé. Mo dúró níbẹ̀ mo ń rántí oyin àti iyọ̀ àti ataare àti omi tiwa, ojú mi ṣomi. Ọmọ mi ń jẹ́ Yaw, ó ń jẹ́ Adébáyọ̀, ó ń dáhùn sí méjèèjì.

Dikini_Ijero (Ọjọ́bọ̀, 1:30 ọ̀sán)

Tíṣà, mo gba ti Crowther, mi ò rò ó débẹ̀ rí. Bàbá Ìkókó, mi ò ní àtakò kankan sí Àìná. Ṣùgbọ́n ti ìró, mo ṣì dúró lórí ẹ̀ pé kí ẹ jẹ́ kí Amarachi pé, kí ẹ má fi Amara nìkan sílẹ̀, nítorí àwọn ọmọ ilé-ìwé tó máa ka Rúùtù lọ́la. Arákùnrin Kumasi, ọjọ́ Sọ́ńdè tẹ́ ẹ dárúkọ yẹn rán mi létí Abọ́sẹ̀dé. Kí ló dé tí kò sẹ́ni tó dárúkọ ẹ̀? Àwọn ìyá wa tó ń bímọ lọ́jọ́ ọ̀sẹ̀ fẹ́ràn ẹ̀ gan-an.

NoosiFeyinti_Ise (Ọjọ́bọ̀, 4:16 ìrọ̀lẹ́)

Ẹ̀yin ọmọ mi, mo ki yín o. Ọdún márùndínlógójì ni mo fi gbẹ̀bí kí n tó fẹ̀yìn tì. Ìwọ́ ọrùn tí ẹ̀ ń sọ yìí ò ṣọ̀wọ́n o, nínú ọmọ mẹ́rin, márùn-ún tá a bá gbà, ó máa ń wà lọ́rùn ọ̀kan, púpọ̀ nínú wọn ò sì ní nǹkan kan. Mò ń sọ ọ́ kí ìyá ọmọ má bàa máa bẹ̀rù, nítorí mo mọ bí àwọn abiyamọ ṣe ń jí lóru láti yẹ ọrùn ọmọ wò. Kò séwu mọ́ tó bá ti jáde.

Ìyá Ìbejì, a kì í nà án tẹ́ ẹ sọ, mo gbọ́ ọ lẹ́nu ìyá mi náà, òótọ́ ni pé wọn kì í na Àìná níjọ́un. Mi ò gbà pé ibẹ̀ ni orúkọ ti wá ṣá o, ó jọ pé orúkọ ti wà ká tó wá ìtumọ̀ ba etí mu fún un. Bó bá jẹ́ ọkùnrin ni, Òjó ni. Òjó ò sí nílé ọmọ adìẹ dàgbà, ẹ ò gbọ́ oríkì ẹ̀ ni? Ẹnì kan lè bi mí pé òun mọ ọkùnrin tó ń jẹ́ Àìná. Ẹ wádìí dáadáa, lọ́pọ̀ ìgbà orúkọ ìyá àgbà kan ló di orúkọ ilé.

Segun_Ijebu_Ekiti (Ọjọ́bọ̀, 5:02 ìrọ̀lẹ́)

Mọmí, ẹ má bínú, kì í ṣe ibi gbogbo. Ó níbi tí wọ́n ti ń sọ ọkùnrin náà ní Àìná tìwọ́-tìwọ́. Ó dà bíi pé àwọn ibì kan ni wọ́n ti ń yà wọ́n sọ́tọ̀ bẹ́ẹ̀.

NoosiFeyinti_Ise (Ọjọ́bọ̀, 5:10 ìrọ̀lẹ́)

Ó ṣeé ṣe, ọmọ mi. Ibi tí mo ti ṣiṣẹ́ ni mo sọ.

Mogbonjubola_Kaduna (Ọjọ́bọ̀, 8:37 alẹ́)

Inú mi dùn sí gbogbo yín. Ọ̀dọ̀ àwọn Haúsá ni mo dàgbà sí. Ọmọbìnrin Sọ́ńdè, Ladi ni, ọkùnrin ni Danladi. Ti Ẹtì ni Jummai àti Danjuma. Ẹni tó bá tẹ̀ lé ìbejì, Gambo, bí Ìdòwú wa gẹ́lẹ́. Mo wá ń rò ó pé ọmọ kan ṣoṣo yìí, Ladi ni, Akosua ni, Abọ́sẹ̀dé ni, ọjọ́ kan náà ni gbogbo wọn ń pè.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń bẹ̀rù ìkorò, ẹ jẹ́ n sọ ti aládùúgbò wa. Ajuji ló ń jẹ́. Juji ni ààtàn. Ìyá ẹ̀ ti bí, wọ́n ti kú, nígbà tí èyí dé wọ́n gbé e lọ sórí ààtàn bí ẹni pé wọn ò fẹ́ ẹ, kí ikú lè gbójú kúrò lára ẹ̀, wọ́n wá gbé e padà wálé. Ó ti lé ní ọgọ́ta ọdún nígbà tí mo mọ̀ ọ́n. Ìwọ tó ò bá gbọ́ Haúsá, wàá ní ìyá wo ló sọmọ ní ààtàn? Tíwa ò ha ń jẹ́ Kòsọ́kọ́ bí? Ìfẹ́ ló pọ̀ nínú orúkọ bẹ́ẹ̀ ju èyí tó wà nínú orúkọ aládùn mìíràn lọ.

OmoAwo_Efon (Ẹtì, 6:50 àárọ̀)

Ẹ ti sọ ìtumọ̀ tó, ẹ jẹ́ n sọ ti ìwé, nítorí ibẹ̀ ni wọ́n ti fi ojú èmi rí nǹkan. Fá ló bẹ̀rẹ̀ orúkọ bàbá wa. Ẹ̀gbọ́n mi wọ ìjọ kan, wọ́n ní kó yọ Fá kó fi Olú síbẹ̀, ó yọ ọ́. Àbúrò mi náà fi Olúwa. Èmi fi Fá sílẹ̀. Nígbà tí bàbá kú tá a fẹ́ gba owó wọn, ọ́fíìsì tá a lọ wo orúkọ wa mẹ́ta lórí tábìlì, wọ́n ní àwọn ò rí ọmọ bàbá kan níbẹ̀. Ó lé ní ọdún kan tá a fi ń lọ kọ́ọ̀tù búra, tá a ń polongo ìyípadà orúkọ nínú ìwé ìròyìn. Mo gbé ọmọ mi kékeré lẹ́yìn lọ síbẹ̀ lọ́jọ́ kan tí òjò ń rọ̀, akọ̀wé tó wà níbẹ̀ ò gbójú sókè. Bẹ́ẹ̀ Káyọ̀dé Fáyẹmí ṣe gómìnà wa lẹ́ẹ̀mejì, ọmọ ìjọ Àgùdà ni, Fá ò já bọ́ lára orúkọ ẹ̀.

Ohun tí mo fẹ́ kí Bàbá Ìkókó ṣe: ẹ jókòó pẹ̀lú ìyàwó yín lálẹ́ òní, ẹ kọ orúkọ sórí bébà, lẹ́tà kọ̀ọ̀kan, ẹ pinnu èyí tó máa ṣíwájú àti èyí tó máa tẹ̀ lé e, bẹ́ ẹ ṣe kọ ọ́ lọ́jọ́ náà ni kẹ́ ẹ kọ ọ́ sí gbogbo ibi títí ayé. Ẹ lọ gba ìwé ẹ̀rí ìbí lọ́dọ̀ National Population Commission kíá, ọ̀fẹ́ ni fún ọmọ tí ò tíì pé 18. Kẹ́ ẹ tó kúrò níwájú ẹni tó ń kọ ọ́, ẹ kà á. Ti ọmọ mi tó ń jẹ́ Àìná, wọ́n kọ Ania. Tẹ́ ẹ bá sì fẹ́ mọ àmì ohùn orúkọ Yorùbá kan, YorubaName.com wà, ẹ lè gbọ́ bí wọ́n ṣe ń pe òmíràn níbẹ̀.

Chidinma_IyinEkiti (Ẹtì, 9:20 àárọ̀)

Ẹ káàárọ̀ o. Ìgbò ni mí, Ìyìn ni mo lọ́kọ sí. Ẹ lè fi Nnenna kún un, ìyá bàbá rẹ̀ ló túmọ̀ sí, kí inú ìyá ọkọ náà lè dùn.

IyaIbeji_Ado (Ẹtì, 9:26 àárọ̀)

Ìyàwó wa, ẹ ṣeun, ṣùgbọ́n kẹ́ ẹ tó sọ ọ́ létí ìyá ọkọ, ẹ ṣàlàyé ẹ̀ dáadáa o, nítorí Yétúndé ló máa sọ sí àgbàlagbà Èkìtì lọ́kàn, Yétúndé sì rèé, ẹni tó ti lọ ló ń padà bọ̀. Mọmí ṣì wà láàyè, wọ́n ṣì ń gúnyán.

Chidinma_IyinEkiti (Ẹtì, 9:41 àárọ̀)

Háà. Ẹ ṣeun mà, mi ò mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹ fi ti Amarachi sílẹ̀.

BabaIkoko_Ikere (Ajé, 6:05 àárọ̀)

Ẹ̀yin ará, a sọmọ lórúkọ lánàá. Mo ka ọ̀rọ̀ yín fún ìyàwó mi lálẹ́ Ẹtì, ó sunkún díẹ̀ níbi ti Ajuji. A kọ ọ́ sórí bébà bí Ọmọ Awo ṣe wí. Mo lọ bá pásítọ̀ ní Sátidé pẹ̀lú ọ̀rọ̀ Crowther, wọ́n dákẹ́ fúngbà díẹ̀, wọ́n ní kí n jẹ́ kí àwọn gbàdúrà sí i.

Lánàá, wọ́n tọ́ oyin sí i lẹ́nu, wọ́n pè é ní Amarachi. Wọ́n gbé abọ́ káàkiri, kí ẹni tó bá fẹ́ sọ orúkọ jù owó sí i. Àǹtí mi fi owó ránṣẹ́ látòkèèrè, wọ́n ní Oore-ọ̀fẹ́ ni tàwọn, ó di pé ẹ̀ẹ̀mejì la ti sọ ọmọ ní orúkọ kan náà. Ìyá mi dìde, wọ́n tú ìdí aṣọ, wọ́n ju owó sí i, wọ́n ní Àìná, wọn ò wo ẹnikẹ́ni. Gbogbo ilé wo pásítọ̀. Pásítọ̀ ní, "Àìná, Olúwa á dá ọ sí." Ìyá ìyàwó mi ló kọ́kọ́ ṣe Àmín.

Bí mo ṣe ń tẹ eléyìí, wọ́n wà lẹ́yìnkùlé, omi gbígbóná wà nínú báàfù. Ìyá Ńsúkà ń wẹ ọmọ, wọ́n ń pè é ní Áíná, ìyá mi jókòó tì wọ́n pẹ̀lú kànìnkànìn lọ́wọ́, wọ́n ń sọ pé rárá, Àìná, ẹ jẹ́ kó lọ sílẹ̀ kó tó gòkè. Ó ti tó ẹ̀ẹ̀márùn-ún. Tí ìyá mi náà bá fẹ́ pe tiwọn, Amaráṣì ni wọ́n ń sọ.

Mò ń lọ síbi ìforúkọsílẹ̀ lónìí. Bébà náà wà nínú Bíbélì mi.

OmoAwo_Efon (Ajé, 6:19 àárọ̀)

Ẹ ya bébà náà ní fọ́tò kẹ́ ẹ tó kúrò nílé.